Ẹni Tó Lẹ́rú Ló Lẹ́rù: Ẹjọ́ Lórí Tẹ́ḿpìlì Padmanabha

Ní òpin oṣù Kẹfà, ọdún 2011, àwọn ènìyàn tí Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ nílẹ̀ Índíà yàn sọ̀kalẹ̀ sínú yàrá abẹ́ ilẹ̀ kan ní tẹ́ḿpìlì Sree Padmanabhaswamy, ní Thiruvananthapuram tí í ṣe olú ìlú ìpínlẹ̀ Kerala. Yàrá mẹ́fà ni wọ́n kọ́kọ́ kà lábẹ́ tẹ́ḿpìlì náà, lẹ́tà A títí dé F ni wọ́n sì fi sọ wọ́n lórúkọ. Mẹ́rin nínú wọn kò ṣàjèjì sí àwọn àwòrò, nítorí ibẹ̀ ni wọ́n ń kó ohun èlò ìsìn àti ti ọdún sí. A àti B ni ìlẹ̀kùn wọn kì í sábà ṣí. Nígbà tí wọ́n ṣí A, wúrà ni wọ́n bá níbẹ̀: owó wúrà, ẹ̀gbà ọrùn, adé, ère, pẹ̀lú òkúta olówó iyebíye lóríṣiríṣi. Láìpẹ́, àwọn ìwé ìròyìn káàkiri ayé ti ń díye lé e. Èyí tó gbajúmọ̀ jù nínú àwọn iye náà ju 20 bílíọ̀nù dọ́là lọ. Ìjọba kó ọlọ́pàá tó dìhámọ́ra yí tẹ́ḿpìlì náà ká.

Bí wúrà bá ti yọjú, akọ̀ròyìn a gbàgbé ohun tó kù. Bẹ́ẹ̀ gan-an ló rí lọ́dún náà. Ẹjọ́ tó ṣí ìlẹ̀kùn yàrá A ti wà nílẹ̀ kí ẹnikẹ́ni tó fojú kan owó wúrà kan ṣoṣo, ìbéèrè tó wà nínú rẹ̀ sì rọrùn láti bi ju láti dáhùn lọ: nígbà tí ẹni tó ni ohun-ìní kò lè la ẹnu sọ̀rọ̀, ọwọ́ ta ni kọ́kọ́rọ́ tọ́ sí?

Ẹni tó ni ohun-ìní yìí ni Vishnu, tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Padmanabha ní ibẹ̀, ìyẹn ẹni tí òdòdó òṣíbàtà yọ láti ìdodo rẹ̀. Ó sùn gbalaja lórí ejò Anantha, ère rẹ̀ sì gùn tó bẹ́ẹ̀ tó fi jẹ́ pé ẹnu ọ̀nà mẹ́ta ni olùjọ́sìn ń gbà wò ó: ọ̀kan fi ojú hàn, èkejì fi ìdodo hàn, ẹ̀kẹta fi ẹsẹ̀ hàn. Kò sí ibi tí ènìyàn lè dúró sí kí ó rí i tán lẹ́ẹ̀kan náà.

Ní oṣù Kìn-ín-ní ọdún 1750, Marthanda Varma, ọba tó fi ogun sọ Travancore di ìjọba ńlá, fi gbogbo ìjọba náà lélẹ̀ fún òrìṣà yìí. Láti ọjọ́ náà ni ọba ti di Padmanabha Dasa, ẹrú Padmanabha, orúkọ náà ni àwọn tó jẹ lẹ́yìn rẹ̀ sì ń jẹ́. Ọgbọ́n òṣèlú wà níbẹ̀, kò ṣe é fi pa mọ́: ẹni tó bá dìtẹ̀ mọ́ ọba ti dìtẹ̀ mọ́ òrìṣà nìyẹn. Ṣùgbọ́n ojú méjì ni ọgbọ́n náà ní. Yorùbá ní ẹni tó lẹ́rú ló lẹ́rù. Ọba tó bá pe ara rẹ̀ ní ẹrú ti fi ẹnu ara rẹ̀ jẹ́wọ́ pé ẹrù tí òun rù kì í ṣe tòun. Wọ́n a máa sọ ọ́ ní Travancore pé bí ọba bá ń jáde ní tẹ́ḿpìlì, yóò gbọn iyanrìn kúrò ní àtẹ́lẹsẹ̀ rẹ̀, kí ó má baà gbé ohun tí í ṣe ti Padmanabha lọ sílé.

Nígbà tí Travancore dara pọ̀ mọ́ Cochin ní ọdún 1949, wọ́n kọ ìwé àdéhùn pẹ̀lú ìjọba Índíà. Púpọ̀ nínú àwọn tẹ́ḿpìlì ìjọba Travancore bọ́ sọ́wọ́ ìgbìmọ̀ tí òfin gbé kalẹ̀. Padmanabhaswamy ni àdéhùn náà yọ sọ́tọ̀, tó sì fi sí ìkáwọ́ Ọba Travancore gẹ́gẹ́ bí alágbàtọ́. Ọba ìgbà náà ni Chithira Thirunal Balarama Varma, ẹni tó ti fi àṣẹ oṣù Kọkànlá ọdún 1936 ṣí ìlẹ̀kùn àwọn tẹ́ḿpìlì ìjọba rẹ̀ fún àwọn Híńdù tí wọ́n ń pè ní aláìmọ́, tí ẹsẹ̀ wọn kò gbọdọ̀ tẹ ibẹ̀ tẹ́lẹ̀. Ẹni iyì ni lójú àwọn ará ìlú. Nígbà tí Índíà tún òfin ìpìlẹ̀ rẹ̀ ṣe ní ọdún 1971, tó gba ipò àwọn ọba lọ́wọ́ wọn lójú òfin, tó sì gé owó tí ìjọba ń san fún wọn, kò sí ẹni tó tìtorí ìyẹn lọ gba kọ́kọ́rọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ó ń ṣàkóso tẹ́ḿpìlì lọ títí tó fi wàjà ní oṣù Keje ọdún 1991.

Àbúrò rẹ̀, Uthradom Thirunal Marthanda Varma, gba iṣẹ́ náà. Ibẹ̀ ni okùn ti bẹ̀rẹ̀ sí í já. Àdéhùn sọ pé Ọba. Lójú òfin, ọba kò sí mọ́. Ṣé àbúrò ọba, tí kò sí àkókò kankan tí òun fúnra rẹ̀ gorí ìtẹ́, lè di kọ́kọ́rọ́ tí wọ́n fi lé ọba lọ́wọ́ mú? Ìbéèrè náà dákẹ́ jẹ́ẹ́ fún ọdún mẹ́rìndínlógún. Ní ọdún 2007, ọ̀rọ̀ tó jáde nínú ìwé ìròyìn mú kí àwọn olùjọ́sìn kan gbà pé ẹbí ọba ti ń ka ìṣúra tẹ́ḿpìlì sí ti ara wọn. Ẹrú ti ń pe ẹrù ní tirẹ̀, lójú wọn. Ni ìwé ìpẹ̀jọ́ bá bẹ̀rẹ̀ sí í wọlé.

Nínú àwọn tó gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sí kóòtù ni T. P. Sundararajan, ọ̀gá ọlọ́pàá tẹ́lẹ̀ rí tó ti di agbẹjọ́rò, tí ilé rẹ̀ kò jìnnà sí tẹ́ḿpìlì náà. Ẹni tó bá ka ìròyìn rẹ̀ láti òkèèrè lè rò pé ọ̀tá ẹ̀sìn ni. Rárá o. Olùfọkànsìn Padmanabha ni, ó sì ń jọ́sìn níbẹ̀ bí àwọn tó pè lẹ́jọ́ ṣe ń jọ́sìn. Irú ẹjọ́ yìí kì í sábà jẹ́ ìjà láàrin onígbàgbọ́ àti aláìgbàgbọ́. Àwọn tó ń forí balẹ̀ fún òrìṣà kan náà ló ń bá ara wọn fà á, olúkúlùkù wọn sì gbà tọkàntọkàn pé òun ni òrìṣà fọkàn tán. Ìdí nìyẹn tí kì í fi í tètè parí.

Ní ọjọ́ 31, oṣù Kìn-ín-ní, ọdún 2011, Ilé Ẹjọ́ Gíga ti Kerala dá Sundararajan láre. Ó ní ẹ̀tọ́ tó wà nínú àdéhùn 1949 kò kọjá ọba tó fọwọ́ sí i, kò sì ṣe é jogún. Kí ìjọba ìpínlẹ̀ dá ìgbìmọ̀ sílẹ̀ láti gba tẹ́ḿpìlì náà. Kí wọ́n ṣí àwọn yàrá abẹ́ ilẹ̀, kí wọ́n kọ ohun tó wà nínú wọn sílẹ̀, kí wọ́n sì fi ìṣúra náà ṣe ilé ìṣẹ̀ǹbáyé tí ará ìlú yóò máa wò. Ẹbí ọba gbé ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn lọ sí Delhi. Ní oṣù Karùn-ún, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ dá gbígbà tí ìjọba fẹ́ gba tẹ́ḿpìlì náà dúró, ṣùgbọ́n ó ní kí kíkà ìṣúra máa lọ. Bí yàrá A ṣe ṣí nìyẹn.

Sundararajan kú ní oṣù Keje náà, kò tíì pé ọ̀sẹ̀ mẹ́ta lẹ́yìn tí ìlẹ̀kùn ṣí. Ẹni 70 ọdún ni. Àwọn kan sọ pé òrìṣà ló mú un. Ní oṣù Kẹjọ, àwọn awòràwọ̀ jókòó sí tẹ́ḿpìlì fún ọjọ́ mélòó kan láti wádìí ohun tí òrìṣà ń fẹ́, èsì tí wọ́n mú jáde sì ni pé ìbínú rẹ̀ yóò wá sórí ẹni tó bá ṣí yàrá B. Ẹbí ọba pẹ̀lú dúró lórí pé kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ kàn án. Ní oṣù kan náà, V. S. Achuthanandan, tó ṣẹ̀ṣẹ̀ kúrò nípò olórí ìjọba Kerala, fi ẹ̀sùn kan arúgbó Marthanda Varma pé inú ìkòkò payasam, oúnjẹ dídùn tí wọ́n fi ń bọ òrìṣà, ló ń kó ìṣúra sí jáde lójoojúmọ́. Ẹbí ọba sẹ́. Ẹ jẹ́ kí òǹkàwé gbé ìtàn méjèèjì sí ẹ̀gbẹ́ ara wọn: ọba tó ń gbọn iyanrìn sílẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà, àti ọba tí wọ́n ní ó ń fi ìkòkò oúnjẹ gbé wúrà. Ẹnu ọ̀nà kan náà ni, àwọn ará ìlú kan náà ló sì ń sọ ìtàn méjèèjì. Ẹni tó bá di kọ́kọ́rọ́ mú tí kò sí ẹni tó ń ka ohun tó wà nínú yàrá, bí ó tilẹ̀ jẹ́ olóòótọ́, kò ní ohun tí yóò fi gba ara rẹ̀ lọ́wọ́ ìtàn kejì.

Kí ìdájọ́ tó kẹ́yìn tó lè yé ènìyàn, ó yẹ kí ó mọ bí òrìṣà ṣe di ẹni tó lè ní ohun-ìní lójú òfin. Ìdájọ́ kan tó lókìkí lórí rẹ̀ wá láti London. Ní ọdún 1925, ẹjọ́ ẹbí kan ní Calcutta dé iwájú Privy Council. Baba ńlá wọn gbé ère kan kalẹ̀, àwọn ọmọ sì ń gba ìsìn rẹ̀ ṣe ní ẹnì kọ̀ọ̀kan tẹ̀lé ara wọn. Ìjà bẹ́ sílẹ̀ lórí bóyá ẹni tó kàn lè gbé e lọ sí ilé tirẹ̀. Àwọn adájọ́ sọ pé ère náà kì í ṣe ẹrù tí wọ́n ń gbé kiri. Lójú òfin Híńdù, ẹnì kan ni, ìfẹ́ inú rẹ̀ nípa ibi tí yóò máa gbé sì yẹ ní bíbọ̀wọ̀ fún. Níwọ̀n bí kò ti lè sọ̀rọ̀, wọ́n dá ẹjọ́ padà, kí wọ́n yan ẹni tí kò ní nǹkan kan láti jèrè nínú ìjà náà láti ṣojú rẹ̀. Láti ìgbà náà ni àwọn agbẹjọ́rò ti ń fi òrìṣà wé ọmọ tí kò ní dàgbà láéláé: ó ní ilẹ̀, ó ní owó, ó lè pe ènìyàn lẹ́jọ́, ṣùgbọ́n alágbàtọ́ ni yóò máa ṣe gbogbo rẹ̀ lórúkọ rẹ̀. Lọ́nà yìí ni Ram Lalla, Rama ọmọ ọwọ́, fi jẹ́ olùpẹ̀jọ́ nínú ẹjọ́ Ayodhya, tó sì borí ní oṣù Kọkànlá ọdún 2019.

Privy Council yìí kan náà ni Olóyè Àmọ́dù Tìjání, Olúwa ti Èkó, gbé ọ̀rọ̀ ilẹ̀ Apápá lọ, tí Herbert Macaulay bá a dé London ní ọdún 1920. Ní ọdún 1921, àwọn adájọ́ gbà pé ilẹ̀ jẹ́ ti ẹbí àti ti ìlú, àti pé olóyè kàn ń dì í mú nítorí wọn ni. Nítorí náà, ipò alágbàtọ́ òrìṣà kò lè ṣàjèjì sí Yorùbá tó mọ ohun tí olórí ẹbí jẹ́: ó ń bójú tó ilẹ̀, kò sì gbọdọ̀ dá a tà. Ibi tí ọ̀rọ̀ méjèèjì ti pínyà ni pé ọmọ ẹbí ní ẹnu. Wọ́n lè pe ìpàdé, wọ́n lè bínú, wọ́n lè yọ olórí ẹbí tó bá ṣi agbára lò. Padmanabha sùn sórí ejò rẹ̀. Bí alágbàtọ́ rẹ̀ bá ṣì í lò, ẹlòmíràn ni yóò bá a pariwo, ẹlòmíràn náà yóò sì kọ́kọ́ fi hàn pé ọ̀rọ̀ náà kàn án.

Ìjọba ìpínlẹ̀ sábà máa ń yọjú pé òun ni ẹlòmíràn náà. Ní Tamil Nadu, tó bá Kerala pààlà, ẹ̀ka ìjọba kan wà tó ń mójú tó tẹ́ḿpìlì Híńdù tó ju 36,000 lọ. Òṣìṣẹ́ ìjọba ló ń ṣírò owó ibẹ̀, òun náà ló ń fi ilẹ̀ òrìṣà háyà. Àwọn Híńdù kan ń ráhùn pé ìjọba tó ní òun kò ṣe ẹ̀sìn kankan kò yẹ kó máa di àpótí owó òrìṣà mú. Ìráhùn náà lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá rántí ilẹ̀ tẹ́ḿpìlì tí àwọn tó ń ṣọ́ ọ ti jẹ mọ́lẹ̀, àti àwọn olùjọ́sìn tí wọ́n lé dànù ní ẹnu ọ̀nà nítorí ibi tí wọ́n ti bí wọn, kò ní sọ pé kí ìjọba kúrò níbẹ̀ pátápátá. Ní Chidambaram, níbi tí àwọn àwòrò tí wọ́n ń pè ní Podhu Dikshitar ti ń ṣàkóso tẹ́ḿpìlì Nataraja, ìjọba yan òṣìṣẹ́ tirẹ̀ lé wọn lórí ní ọdún 2009. Ní oṣù Kìn-ín-ní ọdún 2014, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ dá tẹ́ḿpìlì náà padà fún wọn. Ó ní ìjọba lè wọlé láti tún ohun tó bàjẹ́ ṣe, ṣùgbọ́n bí ó bá ti tún un ṣe tán, kó jáde. Irú awuyewuye yìí kò jìnnà sí Nàìjíríà. Ní oṣù Kẹjọ ọdún 2020, òfin ilé-iṣẹ́ tuntun fún àjọ CAC ní agbára láti dá àwọn alágbàtọ́ ẹgbẹ́ dúró bí ìṣàkóso bá bàjẹ́, ẹgbẹ́ onígbàgbọ́ CAN sì yarí pé ìjọba fẹ́ wọ inú ṣọ́ọ̀ṣì.

Ìdájọ́ lórí Padmanabhaswamy ti jáde ní oṣù tó ṣáájú ìyẹn, ní ọjọ́ 13, oṣù Keje, ọdún 2020. Marthanda Varma ti wàjà láti ìparí ọdún 2013. Ọmọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin ló wà nípò olórí ẹbí, nítorí ipasẹ̀ ìyá ni oyè ń gbà ní Travancore. Adájọ́ U. U. Lalit àti Adájọ́ Indu Malhotra yí ìdájọ́ Kerala padà. Wọ́n ní àdéhùn 1949 kọ́ ló dá ipò alágbàtọ́ sílẹ̀. Ó ti wà nínú ẹbí náà ṣáájú rẹ̀, Índíà kò fi ta ọba lọ́rẹ, nítorí náà, Índíà kò gbà á padà nígbà tó pa ipò ọba rẹ́. Ikú ọba kò sọ ọ́ di ti ìjọba. Àṣà ìjogún ẹbí ni yóò máa tẹ̀lé.

Ẹni tó bá dákẹ́ síbẹ̀ yóò sọ pé ẹbí ọba borí. Wọ́n borí lóòótọ́, kọ́kọ́rọ́ kò sì sí ní ọwọ́ wọn nìkan mọ́. Ìgbìmọ̀ ẹlẹ́ni márùn-ún ni yóò máa ṣàkóso. Adájọ́ àgbà ẹkùn Thiruvananthapuram ni alága. Àwọn tó kù ni ẹni tí ẹbí ọba yàn, ẹni tí ìjọba Kerala yàn, ẹni tí ilé-iṣẹ́ àṣà ìjọba àpapọ̀ yàn, àti àbọrẹ̀ tẹ́ḿpìlì. Ìgbìmọ̀ kejì wà tí yóò máa gbà wọ́n nímọ̀ràn. Ọ̀rọ̀ yàrá B, tí gbogbo ayé ń dúró dè, ilé ẹjọ́ kò dá a. Ó fi í sílẹ̀ fún àwọn ìgbìmọ̀ náà. Ohun tó yẹ kí àwọn ìwé ìròyìn fi ṣe àkọlé ni pé ẹbí ọba fúnra wọn ló dá àbá ìgbìmọ̀ yìí níwájú ilé ẹjọ́. Lẹ́yìn ọdún mẹ́sàn-án tí wọ́n fi wà ní Delhi, wọ́n gbà kí ẹlòmíràn máa kà á pẹ̀lú wọn. Bóyá ìkòkò payasam ló kọ́ wọn. Bóyá orúkọ tí wọ́n ń jẹ́ láti ọdún 1750 ni.

Kíkà náà kò rọrùn. Ẹbí ọba ní àjọ kan tí Chithira Thirunal dá sílẹ̀ ní ọdún 1965 lórúkọ tẹ́ḿpìlì náà. Àjọ yìí bẹ ilé ẹjọ́ pé kí àyẹ̀wò ìwé owó ọdún 25 má kan òun. Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 2021, ilé ẹjọ́ kọ̀, ó sì ní kí wọ́n parí àyẹ̀wò náà láàrin oṣù mẹ́ta. Nínú ẹjọ́ yìí kan náà ni ìgbìmọ̀ alákòóso ti ké gbàjarè pé owó ti tán. Àrùn Kòrónà ti lé olùjọ́sìn sílé. Tẹ́ḿpìlì ń ná mílíọ̀nù 12.5 rúpì lóṣù, ohun tó ń wọlé kò sì ju mílíọ̀nù 6 sí 7 lọ. Agbára káká ni wọ́n fi ń san owó oṣù, wọ́n sì fẹ́ kí àjọ náà bá wọn dá sí i. Nísàlẹ̀ ilé, yàrá A wà níbẹ̀ pẹ̀lú wúrà rẹ̀, tí kò sí ẹnì kan nínú àwọn márààrún tó lè fi owó ẹyọ kan níbẹ̀ san owó agbálẹ̀. B wà ní ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, ìlẹ̀kùn rẹ̀ ṣì wà ní títì.